Igi Firi Tí A Kò Ṣẹ́ Lórí

Stockholm, ọjọ́ kejìlá oṣù kẹwàá, ọdún 1913

Màmá mi,

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Ẹ kú ìmúra òtútù, ẹ kú iṣẹ́ ilé màlúù, ẹ kú ìfaradà Hjördis. Mo mọ̀ pé òjò dídì àkọ́kọ́ á ti bo Forsnäs báyìí, àbúrò mi á sì ti máa ráhùn pé omi kànga ń dì. Bí ẹ bá ń bá a wí, ẹ bá mi fi tèmi kún un.

Mo ní ìròyìn. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ jókòó kí ẹ tó kà á. Mo ti kúrò nínú ẹgbẹ́ tíátà tí a jọ ń ti ìlú dé ìlú, mo ti wọ iṣẹ́ sinimá. Ibi iṣẹ́ wa wà ní erékùṣù kan lẹ́yìn ìlú. Ilé onígíláàsì ni láti òkè dé ilẹ̀, nítorí oòrùn ni àtùpà wa. Bí ìkuukùu bá bo ojú ọ̀run, gbogbo wa á jókòó, ọba, ìránṣẹ́, olè àti àlùfáà, a ó máa mu kọfí títí oòrùn á fi rántí wa. Lọ́sẹ̀ tó kọjá mo ṣe bíṣọ́ọ̀bù láàárọ̀, mo ṣe olè lọ́sàn-án. Aṣọ kan náà ni mo wọ̀, wọ́n kàn yí i sódì ni.

Kò sí ohùn nínú iṣẹ́ yìí. A máa ń la ẹnu, a máa ń sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n ẹni tó ń wò wá kì í gbọ́ nǹkan kan. Ojú ni a fi ń sọ ọ́. Mo mọ̀ pé olùkọ́ ni ẹ fẹ́ kí n jẹ́. Ẹ má bínú sí mi. Bàbá ló kọ́kọ́ rí iṣẹ́ yìí lára mi. Ẹ rántí bí wọ́n ṣe máa ń sọ pé, "Valfrid, ojú rẹ ti jẹ́wọ́ kí ẹnu rẹ tó purọ́." Ohun tó ń kó ẹgba bá mi nílé ló ń bọ́ mi níbí.

Mo ń ro Bàbá púpọ̀. Ní oṣù karùn-ún ọdún 1911 tí gẹdú tí à ń jẹ́ kí odò gbé lọ ta kókó ní ojú omi líle, tí Bàbá bọ́ sórí rẹ̀ láti tú u, tí omi sì gbé wọn, Finland ni ẹgbẹ́ wa wà. Kí lẹ́tà yín tó bá mi, ẹ ti wá odò náà dé òkun, fìlà nìkan lẹ sì rí. Ǹjẹ́ ẹ gbọ́ ohunkóhun lọ́dún yìí nígbà tí omi fà?

Ẹ jọ̀wọ́, bí ẹnìkan bá ń bọ̀ ní Stockholm, ẹ fi agbá kékeré ẹja kíkan kan rán an sí mi. Wọn ò mọ̀ ọ́n ṣe níbí.

Ọmọ yín,
Valfrid


Forsnäs, ọjọ́ kejì oṣù kejìlá, ọdún 1913

Valfrid,

Mo kí ọ, ọmọ mi. Ṣé ara le? Ṣé o ń jẹun, àbí oòrùn ni ẹ ń jẹ níbẹ̀? Hjördis ní kí n kí ọ. Màlúù nìkan ni kò ránṣẹ́.

Mo ka lẹ́tà rẹ lẹ́ẹ̀mejì. Lẹ́ẹ̀kíní mo rẹ́rìn-ín, lẹ́ẹ̀kejì mi ò rẹ́rìn-ín mọ́. O ní ẹ ń la ẹnu láìsí ohùn. Ṣé ẹja ni yín ni? Nígbà tí mo rán ọ lọ sí ilé ẹ̀kọ́ ní Härnösand, tí bàbá rẹ fi èjìká rẹ̀ ru gẹdú nítorí ìwé rẹ, ohun tí mo rò ni pé ọ̀rọ̀ á máa ti ẹnu rẹ jáde.

Oníwàásù Zakrisson wàásù lòdì sí sinimá ní ilé àdúrà lọ́jọ́ ìsinmi. Ó ní èṣù ló ni iyàrá tó ṣókùnkùn tí wọ́n ti ń wò ó. Mo dúró dè é lẹ́nu ọ̀nà, mo bi í bóyá ó ti wọ ibẹ̀ rí. Ó ní Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́. Mo ní báwo ló ṣe wá mọ ẹni tó ń gbé ibẹ̀. Láti ọjọ́ náà kò kí mi dáadáa. Má rò pé mo gbè sẹ́yìn rẹ o. Mi ò kàn fẹ́ kí ẹlòmíràn bá mi nà ọ́ ni.

Ní ti bàbá rẹ, kò sí nǹkan kan. Nígbà tí wọ́n dá gẹdú sómi ní ìgbà ìrúwé, mo rin etí odò lọ bí mo ti ń ṣe. Àwọn ọmọ iṣẹ́ náà mọ̀ mí, wọn a máa ṣí fìlà, wọn kì í bá mi sọ̀rọ̀. Ẹ̀wù rẹ̀ wà níbi tó fi kọ́ sí lára ògiri lẹ́yìn ilẹ̀kùn. Oòrùn mú lọ́jọ́ náà, ó ní òun ò nílò rẹ̀. Mo máa ń gbọn eruku rẹ̀ kí kòkòrò má baà jẹ ẹ́. Nígbà tó bá dé, kò ní wí pé a kò tọ́jú nǹkan òun.

Wá sílé ní ìgbà ìrúwé, kí a jọ rin etí odò náà. Ojú rẹ ríran jìnnà ju tèmi lọ.

Ẹja náà ń bọ̀. Má ṣí i nínú ilé onílé.

Ìyá rẹ,
Brita


Stockholm, ogúnjọ́ oṣù kejì, ọdún 1915

Màmá mi,

Ẹ kú ìfaradà òtútù. Ó ti pẹ́ tí mo ti rí ìwé yín gbà. Mo ń kọ, ẹ ń dákẹ́, mo wá ń ṣe bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ sínú kànga. Mo mọ̀ pé nítorí pé mi ò wá ní ìgbà ìrúwé ni. Màmá, ìgbà tí oòrùn bá yọ nìkan ni a ń rí iṣẹ́ ṣe. Ìgbà tí gẹdú ń bọ́ sómi lọ́dọ̀ yín, ìgbà náà ni èmi náà ń bọ́ sẹ́nu iṣẹ́.

Àìgbọràn sì ti jẹ mí níyà. Inú iyàrá mi ni mo ti ṣí agbá ẹja yẹn. Kí n tó bu búrẹ́dì, onílé mi ti dé ẹnu ọ̀nà, ó fi aṣọ di imú. Ó bi mí bóyá òkú ni mo gbé sábẹ́ ibùsùn. Mo ní oúnjẹ ìlú wa ni. Ó ní bó bá rí bẹ́ẹ̀, ìlú yín ni kí o lọ jẹ ẹ́. Etí òkun ni mo gbé e lọ. Àwọn ẹyẹ òkun pàápàá fún mi láyè.

Wọ́n ti ń mọ̀ mí lójú pópó báyìí. Obìnrin kan rí mi ní ọjà, ó di pọ́ọ̀sì rẹ̀ mú, nítorí olè ló mọ̀ mí sí. Mo ṣí fìlà fún un, ó tún dì í mú sí i.

Ṣùgbọ́n ohun tí mo fẹ́ sọ gan-an ni pé mo ti ń kọ ìtàn sinimá. Rydenstam, ọ̀gá tó ń darí wa, ń wá ìtàn bí ẹni ń wá omi. Mo kọ ọ̀kan nípa ìjà ààlà láàárín ẹ̀gbọ́n àti àbúrò ní abúlé kan. Ó kà á tán, ó ní, "Nordin, àwọn ènìyàn wọ̀nyí kì í sọ̀rọ̀ rárá." Mo ní bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe rí. Ó ní ó dáa, nítorí sinimá náà kì í sọ̀rọ̀. Wọ́n ti ṣe é, èrò sì ń wò ó.

Kíkọ rẹ̀ yàtọ̀ sí kíkọ ìwé. Èèyàn ò lè kọ ọ́ pé obìnrin kan ń banújẹ́, nítorí kámẹ́rà ò rí ìbànújẹ́. Ohun tí ọwọ́ obìnrin náà ń ṣe lèèyàn máa kọ. Nígbà tí mo bá wá jókòó láti ro ohun tí ọwọ́ ń ṣe, ọwọ́ yín ló máa ń wá sí mi lọ́kàn, bí ẹ ṣe máa ń nù ún sára aṣọ ìsomọ́dìí yín nígbà tó ti gbẹ tán, tí ẹ tún máa ń nù ún.

Ẹ kọ̀wé sí mi. Ẹ bú mi pàápàá.

Ọmọ yín,
Valfrid


Forsnäs, ọjọ́ kẹsàn-án oṣù keje, ọdún 1916

Valfrid,

Ìgbéyàwó Hjördis ti kọjá. A kí ọ kú àìwá.

Aṣọ tí o fi ránṣẹ́ dára. Hjördis fọwọ́ pa á lára títí, lẹ́yìn náà ló ní òun ìbá fẹ́ kí ẹni tó rà á wà níbẹ̀ ju aṣọ lọ. Evert ni ó mú un lọ sí iwájú pẹpẹ nípò bàbá rẹ, Evert tó ń tẹ dùùrù ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ojú tì í, ó ń kọsẹ̀. Gbogbo ìlú mọ ẹni méjì tí ipò náà tọ́ sí, ọ̀kan wà nínú omi, ọ̀kan wà nínú sinimá.

Ọkọ Hjördis gé igi firi méjì, ó rì wọ́n mọ́ ẹnu ọ̀nà àbáwọlé, ọ̀tún àti òsì, orí wọn pé pérépéré bí ti ìgbéyàwó gbogbo, wọ́n ń fì nínú afẹ́fẹ́. Inú mi dùn sí i. Àfi ìgbà tí Kerstin, aládùúgbò wa, dúró tì mí tó ń wo igi náà. O mọ Kerstin, ẹnu rẹ̀ kì í mọ ọjọ́. Ó ní, "Brita, ó yẹ kí o ri ti Halvar ọkọ rẹ náà o. Kí a bó èèpo rẹ̀, kí a ṣẹ́ orí rẹ̀, bí a ti ń ṣe fún òkú gbogbo. Ọdún karùn-ún rèé. Ọkùnrin náà ti dúró lójú ọ̀nà tó." 

Mo bi í pé kí ni ó fẹ́ kí n sin. Ṣé fìlà? Àlùfáà náà ti wá bá mi sọ ọ́, ó ní òun lè ka àdúrà sórí pósí òfìfo. Mo fún un ní kọfí, mo sì ṣílẹ̀kùn fún un kó máa lọ. Igi tí a bá ṣẹ́ lórí kì í hù mọ́, Valfrid. Ẹni tó bá gba ọ̀nà kọjá, tó rí igi firi aláìlórí lẹ́nu ọ̀nà, ó mọ̀ pé ilé yìí kò retí ẹni náà mọ́. Èmi ń retí.

Ògo lórúkọ tí o ń ní lọ́hùn-ún. Mo gbọ́ pé àwọn ìwé ìròyìn ń kọ nípa rẹ. Evert ń gé e, ó ń mú un wá fún mi, mo ń fi í sínú Bíbélì. Ṣùgbọ́n èmi ò rí ojú rẹ láti ọdún wo? Àwọn tó sanwó ń rí i.

Ìyá rẹ


Stockholm, ọjọ́ kẹsàn-án oṣù kẹta, ọdún 1917

Màmá mi,

Ẹ kú àṣeyẹ Hjördis, ó pẹ́ kí n tó kí yín. Ẹ kú ìfaradà ọ̀wọ́n oúnjẹ tí ogun yìí kó bá wa, bó tiẹ̀ jẹ́ pé àwa kọ́ là ń jà á. Níbí, kọfí ti di ìtàn, ọkà sísun là ń mu.

Mo ti gbé lẹ́tà yín nípa igi firi kiri nínú àpò mi láti oṣù keje. Mo kà á nínú rélùwéè, mo kà á níbi iṣẹ́ pẹ̀lú àtíkè lójú. Nígbà tó yá ni mo jókòó, mo sì kọ ìtàn kan. Onígẹdú kan ni. Gẹdú ta kókó, ó bọ́ sórí rẹ̀ pẹ̀lú ọ̀pá oníkọ́ rẹ̀, ó tú u, omi gbé e. Ìyàwó rẹ̀ dúró létí odò láti ìgbà ìrúwé dé ìgbà òtútù. Màmá, òun ni ohun tó dára jù tí mo tíì kọ. Rydenstam kà á, ó dìde lọ dúró lójú fèrèsé. Ó ní èmi ni kí n ṣe onígẹdú náà. Nínú gbogbo iṣẹ́ mi títí di òní, olè ni mo ń ṣe, ọ̀mùtí ni mo ń ṣe, ẹni tí wọ́n ń fi rẹ́rìn-ín ni mo ń ṣe. Èyí ni ìgbà àkọ́kọ́ tí wọ́n ní kí n ṣe ènìyàn.

Ìtàn tèmi parí sí etí odò, obìnrin náà ń retí. Rydenstam ní rárá, àwọn èrò kì í fẹ́ lọ sílé pẹ̀lú ìretí, wọ́n fẹ́ rí òpin. Ó ní kí a sìnkú, pẹ̀lú igi firi lẹ́nu ọ̀nà àti gbogbo ìṣe wa.

Nǹkan méjì ni mo ń tọrọ. Ẹ fún mi ní ìbùkún yín. Ẹ sì jẹ́ kí n yá ẹ̀wù Bàbá. Àwọn aránṣọ wa kò mọ bí ẹ̀wù onígẹdú ṣe máa ń gbó ní èjìká. Màá tọ́jú rẹ̀ bí ẹyin.

Ọmọ yín,
Valfrid


Forsnäs, ọgbọ̀njọ́ oṣù kẹta, ọdún 1917

Valfrid,

Mi ò kí ọ lónìí.

Ẹ̀wù náà kò kúrò lára ògiri.

Ìwọ fẹ́ wọ ẹ̀wù bàbá rẹ, kí o bọ́ sómi, kí o jáde níbi tí kámẹ́rà kò rí, kí wọ́n fi aṣọ gbígbẹ bò ọ́, kí o mu ohun gbígbóná. Bàbá rẹ ò rí ibi jáde sí.

Mi ò jẹ́ kí àlùfáà sin ín. Mi ò jẹ́ kí Kerstin sin ín. Ìwọ tí a bí nínú ilé yìí, tí o kò wá nígbà tí a ń wá a, ìwọ ló wá fẹ́ sin ín níwájú àwọn tó sanwó wọlé. Ohun tí mo kọ sí ọ nínú lẹ́tà, ìwọ nìkan ni mo kọ ọ́ sí.

Ṣe sinimá rẹ. Mi ò lè dì ọ́ mú láti ibí. Ṣùgbọ́n bí o bá ṣẹ́ orí igi yẹn, mọ̀ pé ti bàbá rẹ lo ṣẹ́, èmi kọ́ ni mo rán ọ. Má retí lẹ́tà mi.

Brita Nordin


Ljusdal, ọjọ́ kejìdínlógún oṣù kẹfà, ọdún 1917

Màmá mi,

Ẹ kú ìbínú. Ẹ̀tọ́ yín ni.

Etí odò kan ní Hälsingland ni mo ti ń kọ èyí. Mo bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n má lọ sí odò wa, wọ́n gbà. Mi ò lè fi iṣẹ́ náà sílẹ̀, mi ò sì ní parọ́ fún yín pé mo gbìyànjú. Ẹ̀wù tí wọ́n rán fún mi tuntun jù. Mo fi í sùn nílẹ̀ẹ́lẹ̀ lálẹ́ kó lè gbó díẹ̀.

Omi náà tutù. Lóòótọ́ ni wọ́n fi aṣọ gbígbẹ bò mí nígbà tí mo jáde. Mo rántí ọ̀rọ̀ yín, mo sì ní kí wọ́n gbé e kúrò.

Ọ̀dọ́bìnrin tó ń ṣe ìyàwó náà ará Stockholm ni. Ó bi mí báwo ni obìnrin ṣe ń retí. Ó fẹ́ máa sọkún, kó máa na ọwọ́ sí odò. Mo ní rárá. Mo fi hàn án ohun tí ọwọ́ ń ṣe.

Bí ẹ kò bá fẹ́ dá mi lóhùn, ẹ jẹ́ kí Hjördis kọ ọ̀rọ̀ kan péré pé ara yín le.

Valfrid


Stockholm, ọjọ́ kẹtàlélógún oṣù kejìlá, ọdún 1917

Màmá mi,

Ẹ kú ọdún Kérésìmesì. Hjördis kọ̀wé pé ara yín le, pé ẹ ń tọ́jú ọmọ òun, pé ẹ kì í dárúkọ mi, àfi nígbà tí ẹ bá ń bu oúnjẹ tí ẹ sì bu jù. Mo kà á títí.

Sinimá náà ti jáde. Níbí wọ́n ń yìn ín. Ọkùnrin kan tí mi ò mọ̀ rí dì mọ́ mi lórí afárá, ó ń sọkún, ó ní òun náà ní ẹni kan nínú omi. Wọ́n ní a óò gbé e lọ sí apá àríwá, dé Härnösand àti Sollefteå, lẹ́yìn ọdún.

Mi ò ní kí ẹ wò ó.

Valfrid


Stockholm, ọjọ́ kejìlélógún oṣù kejì, ọdún 1918

Màmá mi,

Ẹ ṣì kú ìdákẹ́.

Bóyá ẹ ti gbọ́. Ìwé ìròyìn kan lọ́dọ̀ yín kọ pé Valfrid Nordin ti jẹ oúnjẹ Stockholm pẹ́ tó bẹ́ẹ̀ tí kò mọ ìṣe ilé rẹ̀ mọ́, pé kí ẹnìkan fi rélùwéè dá a padà kó wá kọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan sí i. Inú bí Rydenstam. Ó ní kí n fèsì, nítorí orúkọ tí mo ní kò ju èyí lọ, pé èmi ni ẹni tó mọ àwọn ará àríwá. Wọ́n ní bí mi ò bá fèsì, ẹlòmíràn ni wọ́n máa gbé ìtàn irú rẹ̀ fún.

Mi ò fèsì. Mi ò ní fèsì.

Mo kàn ní kí n sọ fún yín kí ó má jẹ́ ẹnu Kerstin ni ẹ ti máa gbọ́ ọ.

Valfrid


Forsnäs, ọjọ́ kẹtàdínlógún oṣù kẹta, ọdún 1918

Valfrid ọmọ mi,

Mo kí ọ. Mo kí ọ fún gbogbo ìgbà tí mi ò fi kí ọ. Ṣé ara rẹ le? Ṣé ikọ́ tí omi yẹn kó bá ọ ti lọ? Hjördis ló jẹ́ kí n mọ̀.

Ẹnu Kerstin ni mo ti kọ́kọ́ gbọ́ ọ, lẹ́tà rẹ pẹ́ lọ́nà. Ìta ṣọ́ọ̀ṣì ni. Ó ní, "Brita, ọmọ rẹ tó lọ di ọ̀gá ní Stockholm, igi ìgbéyàwó ló fi sin òkú." Gbogbo wọn rẹ́rìn-ín. Evert tó ti lọ wò ó ní Sollefteå ń wo bàtà rẹ̀. Mo bi í pé ṣé òótọ́ ni. Ó ní òótọ́ ni, pé orí igi náà pé, kò sí ẹni tó fọwọ́ kàn án. Mo délé, mo jókòó, mi ò bọ́ ẹ̀wù. Lọ́jọ́ kejì mo ní kí ọkọ Hjördis di ẹṣin mọ́ ọkọ̀ tó ń yọ̀ lórí òjò dídì.

Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe wọ iyàrá èṣù. Bí o bá rí Zakrisson, sọ fún un pé kò sí ẹnikẹ́ni níbẹ̀ bí kò ṣe obìnrin kan tó ń ta súìtì àti ẹnìkan tó ń tẹ dùùrù tí kò tó Evert.

Èmi àti Hjördis jókòó sẹ́yìn. Wọ́n pa iná. Lẹ́yìn náà mo rí etí odò, mo sì rí ara mi. Ta ló fún ọmọbìnrin yẹn ní ọwọ́ mi? Ó nù ún, ó gbẹ, ó tún nù ún. Hjördis fi ìgúnpá kàn mí, ó ní, "Màmá, ẹ wo ara yín." Mo ní kó dákẹ́, ojú mi ò fọ́.

Lẹ́yìn náà ìwọ jáde. Mo mọ̀ pé ìwọ ni. Ṣùgbọ́n èjìká bàbá rẹ ni, Valfrid, ìrìn rẹ̀ sì ni, bó ṣe máa ń fi ẹsẹ̀ dán igi wò kó tó tẹ̀ ẹ́. Lọ́jọ́ tí omi gbé e, inú ilé màlúù ni mo wà. Mo gbọ́ ariwo, mo rò pé àwọn ọmọ iṣẹ́ ń ṣeré ni. Gbogbo ọdún wọ̀nyí, ohun tó wà lójú mi ni ọkùnrin tó jáde lọ lẹ́nu ọ̀nà lówùúrọ̀ láìwọ ẹ̀wù. Ẹni tó bá jáde, ó lè wọlé. Mi ò rí i rí kí omi gbé e. Níbẹ̀ ni mo ti rí i. Kò pariwo. Ó wo ẹ̀yìn lẹ́ẹ̀kan, gẹdú náà ṣí, ó lọ.

Mo di ìjókòó tó wà níwájú mi mú. Ọkùnrin tó jókòó níbẹ̀ kò yíjú padà. Ọlọ́run á bù kún un.

Lẹ́yìn náà ni ìsìnkú dé. Pósí, àlùfáà, àwọn èrò. Igi firi méjì dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n ti bó èèpo wọn bó ṣe yẹ, ṣùgbọ́n orí wọn pé, wọ́n ń fì bí ti ọjọ́ ìgbéyàwó Hjördis. Ẹ̀rín bẹ̀rẹ̀. Ẹnìkan ké láti àárín pé, "Ṣé òkú ni wọ́n fẹ́ sin, àbí ìyàwó ni wọ́n fẹ́ gbé?" Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní àwọn ará Stockholm ò mọ ọ̀tún yàtọ̀ sí òsì.

Ìwọ mọ̀ ọ́n. Ìwọ lo kọ́ wọn bí wọ́n ṣe ń bó èèpo rẹ̀, mo mọ̀, nítorí mo rí kókó ẹ̀ka méjì nísàlẹ̀ igi náà, bàbá rẹ nìkan ló sì ń fi wọ́n sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ẹni tó mọ ìyẹn kò lè gbàgbé orí.

Mo dìde nínú òkùnkùn. Hjördis fa aṣọ mi, kò lè fà mí jókòó. Mo ní, "Wọn ò tíì sin ín. Èmi ni wọ́n ń dúró dè." Ohùn mi ò ròkè, ṣùgbọ́n iyàrá náà gbọ́ ọ, nítorí ibẹ̀ kò ní ohùn mìíràn. Ẹni tó ń tẹ dùùrù dáwọ́ dúró. Kò sí ẹni tó rẹ́rìn-ín mọ́.

Mo ti sọ fún Evert ohun tí mo rí. Ó fẹ́ kọ ọ́ sí ìwé ìròyìn láti gbèjà rẹ. Mo ní kó fi sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ àárín ẹni mẹ́ta ni, ọ̀kan nínú wọn kò sì fẹ́ràn ìwé ìròyìn.

Ní báyìí, fetí sílẹ̀. Ọkọ Hjördis ti gé igi firi méjì. Èmi fúnra mi ni mo bó èèpo wọn, mo sì fi kókó méjì náà sílẹ̀. Wọ́n wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ilé màlúù. Nígbà tí yìnyín bá yọ́ lójú odò ní oṣù karùn-ún, kí wọ́n tó dá gẹdú sílẹ̀, a ó rì wọ́n mọ́ ẹnu ọ̀nà. Àlùfáà ti gbọ́. Kerstin ti ń ṣe búrẹ́dì, ó sì ń pe ara rẹ̀ ní ẹni tó dábàá rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ọwọ́ mi ò tó orí igi náà, Valfrid. Èmi kúrú, ìwọ lo ga bíi bàbá rẹ.

Ẹ̀wù náà wà nínú ẹrù yìí. Má fi ṣe sinimá. Wọ̀ ọ́ wálé.

Ìyá rẹ


Stockholm, ọjọ́ keje oṣù kẹrin, ọdún 1918

Màmá mi,

Ẹ kú ìrìn àjò Sollefteå. Ẹ kú ọkàn.

Ẹ̀wù náà dé. Mo so ó kọ́ sẹ́yìn ilẹ̀kùn, mi ò tètè wọ̀ ọ́. Àárọ̀ yìí ni mo tó wọ̀ ọ́. Ó bá mi mu ní èjìká, apá rẹ̀ nìkan ló fi díẹ̀ gùn jù mí lọ. Mi ò ní gé e.

Ní Ljusdal, lọ́jọ́ tí a ya ìsìnkú náà, wọ́n gbé àkàbà fún mi. Rydenstam ní èmi ni mo mọ̀ ọ́n ṣe, kí n gòkè lọ ṣẹ́ ẹ. Oòrùn ti ń lọ, gbogbo wọn ń dúró. Mo gòkè, mo di orí igi náà mú, ọwọ́ mi kò gbà. Mo sọ̀ kalẹ̀, mo ní bẹ́ẹ̀ ni a ṣe ń ṣe é nílùú wa. Wọ́n sì gbà mí gbọ́.

Sinimá tuntun bẹ̀rẹ̀ ní oṣù karùn-ún, èmi ni wọ́n fi ṣe olórí rẹ̀. Mo lọ bá Rydenstam láná pé kó wá ẹlòmíràn, ìsìnkú ń pè mí nílé. Ó bá mi kẹ́dùn gidigidi. Ó bi mí ta ló kú, mo ní bàbá mi. Ó ní, "Yé, Nordin, ìgbà wo?"

Mo ní, "Oṣù tó ń bọ̀."

Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọwọ́ kan orí igi náà títí n ó fi dé.

Ọmọ yín,
Valfrid